Títọ́jú àti Ṣíṣàfihàn Fọ́nrán Fíìmù àti Amóhùnmáwòrán Àtijọ́: Àyẹ̀wò Agbègbè Sùúrùlérè, Yábàá àti Muṣin ní Ìlú Èkó

Ìfáàrà

Àwọn Yorùbá gbà pé ìròyìn kò tó àfojúbà. Ìdí nìyí tí fíìmù àti amóhùnmáwòrán fi ní ipò tí ó ṣàrà ọ̀tọ̀ láàrin àwọn ohun èlò ìtàn: wọ́n ń jẹ́ kí ẹni tí a kò tí ì bí nígbà tí nǹkan ṣẹlẹ̀ fi ojú ara rẹ̀ rí i. Ní ọjọ́ 22, oṣù Kẹta, ọdún 1980, ní pápá ìṣeré ìjọba àpapọ̀ tí ó wà ní Sùúrùlérè, ikọ̀ agbábọ́ọ̀lù Nàìjíríà fi àmì-ayò 3 sí òdo na ikọ̀ Algeria, wọ́n sì gba ife ẹ̀yẹ ilẹ̀ Áfíríkà fún ìgbà àkọ́kọ́. Ṣẹ́gun Ọdẹ́gbàmí gbá méjì wọlé, Muda Lawal gbá ẹyọ kan. Ohun tí ìwé lè sọ kò ju èyí lọ. Bí èrò ṣe kún pápá náà, irú aṣọ tí wọ́n wọ̀, bí wọ́n ṣe pariwo nígbà tí bọ́ọ̀lù kọ́kọ́ kan àwọ̀n, fọ́nrán nìkan ni ó lè jẹ́rìí sí i.

Nínú iṣẹ́ yìí, fọ́nrán ni orúkọ tí a fún àwòrán àti ohùn tí a gbà sílẹ̀, ì báà jẹ́ orí fíìmù tí a ká sínú agolo, ì báà jẹ́ orí téèpù, ì báà sì jẹ́ inú kọ̀ǹpútà. Àká fọ́nrán ni ibi tí a ń kó wọn pamọ́ sí. A mọ̀ọ́mọ̀ lo ọ̀rọ̀ náà àká ni. Àgbẹ̀ tí ó ní àká kì í kàn da àgbàdo síbẹ̀. Ó mọ ohun tí ó kó sínú rẹ̀ àti ọdún tí ó kó o, ó ń dáná sábẹ̀ rẹ̀ kí kòkòrò má baà wọ inú rẹ̀, nígbà tí ó bá sì tó àsìkò, ó ń kó jáde láti jẹ àti láti gbìn. Yàrá tí téèpù kún dé òkè àjà, tí ẹnikẹ́ni kò mọ ohun tí ó wà lórí ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn, kì í ṣe àká. Ààtàn tí ó ní ìlẹ̀kùn ni.

Agbègbè Sùúrùlérè, Yábàá àti Muṣin ni iṣẹ́ yìí gbájú mọ́, nítorí pé ó ṣòro láti rí ibòmíràn ní ilẹ̀ Yorùbá tí ẹ̀rọ agbàwòrán ti ṣiṣẹ́ tó bẹ́ẹ̀. Ibẹ̀ ni pápá ìṣeré náà wà. Ìgánmú tí ó wà létí wọn ni gbọ̀ngàn ńlá ìṣeré ìjọba àpapọ̀ tí wọ́n ṣí ní ọdún 1976, tí wọ́n sì sọ lórúkọ Wọlé Ṣóyínká ní ọdún 2024. Òpópónà Tẹ́júoṣó ní Sùúrùlérè ni NTA Channel 10 ti ń gbóhùn-sáfẹ́fẹ́. Sùúrùlérè yìí kan náà ni ọ̀pọ̀ àwọn tí ń ṣe fídíò fi ṣe ibùjókòó láti ọdún 1990 síwájú, kí ọjà wọn tó gba Ìdúmọ̀tà dé ọwọ́ àwọn òǹwòran.

Ibi tí àwọn fọ́nrán náà ti ṣẹ̀ wá

Kí amóhùnmáwòrán tó dé, fíìmù ni ìjọba amúnisìn fi ń kọ́ àwọn ará ìlú nípa ìmọ́tótó. William Sellers, òyìnbó kan tí ó jẹ́ òṣìṣẹ́ ètò ìlera ní Nàìjíríà, ṣe fíìmù kan ní ọdún 1937 tí ó pè ní Anti-Plague Operations, Lagos. Ó dá lé bí wọ́n ṣe gbógun ti àjàkálẹ̀ àrùn tí eku ń tàn kálẹ̀, èyí tí ó bẹ́ sílẹ̀ ní Èkó ní ọdún 1924. Àrùn yìí ni ó mú kí ìjọba dá àjọ tí ń rí sí àtúntò ìlú Èkó sílẹ̀ ní ọdún 1928, àjọ náà ni ó sì la ilẹ̀ Yábàá tí ó fi di àdúgbò ìgbàlódé. Nígbà tí ó di ọdún 1955 tí wọ́n tún bẹ̀rẹ̀ sí wó ilé láàrin gbùngbùn Ìsàlẹ̀ Èkó, Sùúrùlérè ni wọ́n kó àwọn tí ilé wọn wó lọ. Nítorí náà, fíìmù nípa eku yìí jẹ́ apá kan nínú ìtàn bí Yábàá àti Sùúrùlérè ṣe di ibùgbé ènìyàn. Ọ̀dọ̀ àwọn òyìnbó ní Lọ́ńdọ̀nù ni ó wà. Láti ọdún 2010 ni àwọn àká fọ́nrán ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ti ṣe àkójọ orúkọ àwọn fíìmù ayé amúnisìn sórí íntánẹ́ẹ̀tì, iye wọn sì ju 6,000 lọ.

Ní ọdún 1939 ni wọ́n dá ẹ̀ka fíìmù ìjọba amúnisìn sílẹ̀, Sellers yìí náà ni wọ́n sì fi ṣe ọ̀gá rẹ̀. Nígbà tí ó yá, iṣẹ́ náà bọ́ sọ́wọ́ ẹ̀ka fíìmù ìjọba àpapọ̀ ní Èkó, tí ibùdó rẹ̀ wà ní Ìkòyí.

Amóhùnmáwòrán bẹ̀rẹ̀ ní Ìbàdàn ní ọjọ́ 31, oṣù Kẹwàá, ọdún 1959, nígbà tí WNTV bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Ó yẹ kí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ lítíréṣọ̀ Yorùbá mọ̀ pé Adébáyọ̀ Fálétí tí wọ́n ń ka ìwé rẹ̀ wà lára àwọn tí ó kọ́kọ́ ṣiṣẹ́ níbẹ̀, iṣẹ́ tí ó sì ṣe ni ṣíṣe olótùú fíìmù àti bíbójútó ibi tí wọ́n ń kó fíìmù sí. Òǹkọ̀wé tí ó fi gbogbo ayé rẹ̀ kó ọ̀rọ̀ àwọn baba ńlá pamọ́ sínú ìwé ni ó kọ́kọ́ di kọ́kọ́rọ́ àká fíìmù mú. Ní ọdún 1977, òfin ìjọba ológun kó gbogbo ilé-iṣẹ́ amóhùnmáwòrán ìjọba sábẹ́ NTA.

Ọdún 1977 yìí náà ni FESTAC wáyé, láti ọjọ́ 15, oṣù Kìíní, sí ọjọ́ 12, oṣù Kejì. Pápá ìṣeré Sùúrùlérè ni wọ́n ti ṣí i, Ìgánmú sì ni ọ̀pọ̀ ìran ti wáyé. Àjọ CBAAC ni wọ́n dá sílẹ̀ lẹ́yìn náà láti máa tọ́jú ìwé, àwòrán àti fọ́nrán àjọ̀dún náà.

Ṣùgbọ́n kí a má ṣe rò pé gbogbo ohun tí a fi hàn lórí amóhùnmáwòrán ni a gbà sílẹ̀. Ní àkọ́kọ́, ojú ẹsẹ̀ ni wọ́n ń ṣe ọ̀pọ̀ ètò. Bí wọ́n ṣe ń ṣe é ni ó ń lọ, tí ó bá ti parí, ó parí náà nìyẹn. Nígbà tí téèpù dé, ó wọ́n bí ojú. Àṣà tí ó wọ́pọ̀ ni pé kí wọ́n pa ohun tí ó wà lórí téèpù rẹ́, kí wọ́n sì gba òmíràn lé e. Kì í ṣe Nàìjíríà nìkan ni èyí ti ṣẹlẹ̀. BBC pàápàá pa ọ̀pọ̀ ètò ọdún 1960 sí 1970 rẹ́, títí kan ọ̀pọ̀ ìpín eré Doctor Who tí wọ́n ń fi owó ńlá wá kiri lónìí. Ìyàtọ̀ tí ó wà níbẹ̀ ni pé BBC ti ta ẹ̀dà ètò wọn fún àwọn orílẹ̀-èdè mìíràn, ọ̀dọ̀ àwọn wọ̀nyí ni wọ́n sì ti ń rí díẹ̀díẹ̀ gbà padà. Ta ni a ta ẹ̀dà eré aládùn ti Ìbàdàn fún?

Ẹ̀dà kan ṣoṣo

Ọ̀rọ̀ fíìmù Yorùbá àtijọ́ yẹ ní àyẹ̀wò tirẹ̀. Láti orí Àjàní Ògún tí Ọlá Balógun ṣe ní ọdún 1976, nínú èyí tí Adéyẹmí Afọláyàn àti Dúró Ládiípọ̀ ti kópa, àwọn òṣèré alárìnjó bẹ̀rẹ̀ sí gbé eré wọn kúrò lórí ìtàgé sínú fíìmù. Ìjà Òmìnira tẹ̀lé e ní ọdún 1979. Ìwé ìtàn àròsọ Fálétí, Ọmọ Olókùn Ẹṣin, ni wọ́n gbé e kà. Hubert Ògúndé ṣe Ayé, ó sì ṣe Jáyésinmi tẹ̀ lé e. Nígbà ọdún, èrò a máa ya lọ sí Ìgánmú láti wò wọ́n.

Kò sí ilé-iṣẹ́ ìfọ-fíìmù aláwọ̀ mèremère tí àwọn wọ̀nyí lè gbára lé ní Nàìjíríà. Lọ́ńdọ̀nù ni wọ́n ń gbé fíìmù lọ, níbẹ̀ ni wọ́n ti ń fọ̀ ọ́, tí wọ́n ti ń tẹ ẹ̀dà rẹ̀, owó òkèèrè ni wọ́n sì ń san. Nítorí èyí, ẹ̀dà tí wọ́n ń tẹ̀ kì í pọ̀. Àwọn mìíràn lo irú fíìmù mìlímítà 16 tí ó jẹ́ pé èyí tí wọ́n gbé sínú ẹ̀rọ agbàwòrán gan-an ni wọ́n ń gbé sórí ẹ̀rọ ìṣàfihàn. Fíìmù bẹ́ẹ̀ kò ní ìyá tí a ti lè bí òmíràn. Gbogbo ìgbà tí ó bá gba inú ẹ̀rọ kọjá ni ó ń ha, tí eruku ń wọ̀ ọ́, tí ó ń já, tí wọ́n sì ń so ó.

Ẹni tí ó ni fíìmù ni ó ń gbé e káàkiri fúnra rẹ̀. Wọn kì í fi lé ẹlòmíràn lọ́wọ́ nítorí ẹ̀rù àwọn ajalè-iṣẹ́-ọlọ́nà. Ẹ̀rù náà kì í ṣe lásán, nítorí ohun tí ó ṣẹlẹ̀ sí Moses Ọláìyá, Bàbá Sàlá, ṣì ń dun àwọn tí ó mọ̀ ọ́n. Ó kó owó ńlá lé Ọ̀run Móoru tí ó jáde ní ọdún 1982. Àwọn olè ṣe ẹ̀dà rẹ̀ sórí fídíò, wọ́n tà á káàkiri, gbèsè sì wọ baba náà lọ́rùn. Ọgbọ́n tí àwọn yòókù kọ́ níbẹ̀ ni pé kí wọ́n má jẹ́ kí ẹ̀dà wọn pọ̀. Ọgbọ́n ajé ni, ó sì tọ̀nà ní ti ajé. Ṣùgbọ́n ní ti ìtọ́jú, ikú ni. Fíìmù tí ẹ̀dà rẹ̀ jẹ́ ẹyọ kan ṣoṣo, tí ó ń gun ọkọ̀ láti Èkó dé Ìlọrin dé Oǹdó, kò lè pẹ́ láyé. Ó dunni láti sọ, síbẹ̀ òótọ́ ni: ìgbà mìíràn wà tí kásẹ́ẹ̀tì tí olè ṣe ni ó kù fún aṣèwádìí.

Nígbà tí fídíò gbòde, owó ṣíṣe eré rọlẹ̀. Kenneth Nnebue tí ó ṣe Living in Bondage ní ọdún 1992 ti kọ́kọ́ gbé fídíò Yorùbá jáde, lára wọn ni Àjẹ́ Ni Ìyá Mi ní ọdún 1989. Láti ìgbà tí òfin ọdún 1993 ti dá àjọ tí ń yẹ fíìmù àti fídíò wò sílẹ̀, ẹni tí ó bá fẹ́ ta fídíò gbọ́dọ̀ fi ẹ̀dà kan síwájú àjọ náà. Ẹ̀dà pọ̀ nígbà yìí, ṣùgbọ́n kásẹ́ẹ̀tì VHS ni, èyí tí kò lágbára tó fíìmù rárá. Bí ó ṣe jẹ́ nìyí tí fídíò ọdún 1995 fi lè ṣègbé kí fíìmù ọdún 1937 tó bàjẹ́.

Ohun tí ó ń pa fọ́nrán

Fíìmù àtijọ́ tí wọ́n lò títí di nǹkan bí ọdún 1951 a máa gbiná wìtìwìtì. Èyí tí ó rọ́pò rẹ̀ kì í gbiná bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n ó ní àrùn tirẹ̀. Bí ooru àti ọ̀rinrin bá bá a, èròjà inú rẹ̀ a bẹ̀rẹ̀ sí túká, a sì máa tú omi kíkan jáde. Ẹni tí ó bá ṣí agolo rẹ̀ yóò gbọ́ òórùn ọtí kíkan gan-an. Fíìmù náà a sún kì, a lọ́, ihò etí rẹ̀ kò sì ní bá eyín ẹ̀rọ mu mọ́. Èyí tí ó burú jù ni pé omi kíkan yìí ń mú kí ìtúká náà yára sí i, atẹ́gùn rẹ̀ sì ń ran àwọn agolo tí ó wà nítòsí. Àwọn onímọ̀ ní bébà kékeré kan tí a ń fi sínú agolo: àwọ̀ búlúù ni ó ní, bí kíkan bá ṣe ń pọ̀ sí i ni yóò máa di àwọ̀ ewé, lẹ́yìn náà yóò di àwọ̀ ìyeyè. Bí ìgbóná yàrá bá fi ìwọ̀n 5 tàbí 6 lórí òṣùwọ̀n Celsius lé sí i, ọjọ́ ayé fíìmù lè dín sí ìdajì.

Àwọ̀ pẹ̀lú ń ṣá. Nínú ọ̀pọ̀ fíìmù ọdún 1970, àwọ̀ búlúù ni ó máa ń kọ́kọ́ lọ, tí gbogbo àwòrán yóò wá pọ́n bí ìgbà tí a da osùn sí i. Akẹ́kọ̀ọ́ tí kò mọ èyí lè rò pé bí ayé ṣe rí nígbà náà nìyẹn.

Ní ti téèpù, ìyẹ̀fun irin wẹ́wẹ́ ni ó gbé àwòrán àti ohùn rù, lẹ́ẹ̀ ni ó sì so ìyẹ̀fun náà mọ́ ara rọ́bà. Lẹ́ẹ̀ yìí ń fa omi láti inú afẹ́fẹ́. Nígbà tí ó bá ti fa omi yó, téèpù a lẹ̀ mọ́ ara wọn, bí a bá sì fi sínú ẹ̀rọ, ìyẹ̀fun náà yóò máa hó sórí irin tí ń ka àwòrán. Ohun tí ó bá hó lọ ti lọ nìyẹn. Èbu náà kò gbẹ́yìn, pàápàá ní Èkó tí ó wà láàrin òkun àti ọ̀sà, tí ọ̀rinrin kì í jìnnà sí ibẹ̀ ní òjò ní ẹ̀ẹ̀rùn.

Ọ̀pọ̀ ènìyàn rò pé ẹ̀rọ amúlétutù ni ìdáhùn. Ó lè jẹ́ bẹ́ẹ̀ bí iná kì í bá lọ. Yàrá tí ó tutù fún wákàtí mẹ́fà, tí iná lọ, tí ó sì móoru fún wákàtí méjìdínlógún lè ba fọ́nrán jẹ́ ju yàrá tí ó wà ní ojú kan lọ, nítorí pé bí afẹ́fẹ́ gbígbóná bá ti kan agolo tútù, ìrì a sẹ̀ sí i lára. Yàrá àárín ilé tí oòrùn kì í ta sí, tí afẹ́fẹ́ ń fẹ́ sí, tí kò sí lábẹ́ ilé ìwẹ̀, sàn ju yàrá olówó ńlá tí iná rẹ̀ kò dúró lọ.

Ewu kẹta kò sí lára fọ́nrán rárá, ara ẹ̀rọ ni ó wà. Téèpù U-matic jáde ní ọdún 1971, VHS ní ọdún 1976, Betacam ní ọdún 1982. Ẹ̀rọ ọ̀kọ̀ọ̀kan kò lè ka ti èkejì. Ní oṣù Keje ọdún 2016 ni Funai ti ilẹ̀ Japan, ilé-iṣẹ́ tí ó kù tí ń ṣe ẹ̀rọ VHS, dáwọ́ dúró. Ní ọdún 2019, UNESCO àti ẹgbẹ́ àwọn olùtọ́jú ohùn àti àwòrán ní àgbáyé kéde ìkìlọ̀ lórí téèpù, ọdún 2025 ni wọ́n sì fi ṣe òdiwọ̀n ìgbà tí yóò ṣòro gan-an láti rí ẹ̀rọ tí yóò kà wọ́n. Téèpù lè wà láàyè kí ẹ̀rọ tí yóò sọ ohun tí ó wà nínú rẹ̀ ti kú. Nítorí èyí, àwọn àgbà tí ń tún fídíò ṣe ní àwọn òpópónà Muṣin, tí wọ́n ṣì mọ bí a ti ń nu irin inú ẹ̀rọ VHS, wà lára ohun ìní tí ó yẹ kí ilé-ẹ̀kọ́ tètè wá kàn.

Iná tí ó jó ní ọ̀nà Agége

Ọjọ́ mẹ́fà péré lẹ́yìn tí FESTAC parí, ní ọjọ́ 18, oṣù Kejì, ọdún 1977, àwọn sójà ya wọ ilé Fẹlá Aníkúlápó Kútì ní ojúlé 14, ọ̀nà Agége, ní ẹ̀bá Ìdí-Òro, ní Muṣin. Wọ́n lu àwọn tí ó wà níbẹ̀, wọ́n ju ìyá rẹ̀ láti ojú fèrèsé, wọ́n sì dáná sun ilé náà. Ohun tí àwọn ènìyàn kì í sábà rántí ni pé Fẹlá ń ṣe fíìmù kan nípa ìgbésí ayé ara rẹ̀ nígbà náà, The Black President ni wọ́n pè é, ohùn tí wọ́n ti gbà sílẹ̀ fún un sì wà lára ohun tí iná náà jó.

Ẹ jẹ́ kí a fi èyí wé àwọn fíìmù mìíràn nípa Fẹlá àti ìlú Èkó. Tony Palmer ṣe Ginger Baker in Africa ní ọdún 1971. Jeremy Marre ṣe Konkombe ní ọdún 1979. Stéphane Tchalgadjieff àti Jean-Jacques Flori ti ilẹ̀ Faransé ṣe Music Is the Weapon ní ọdún 1982. Gbogbo wọn wà, a sì lè rí wọn wò. Ẹni tí ó bá fẹ́ mọ bí Èkó ṣe rí ní àkókò náà, ojú àlejò ni yóò fi wò ó. Kì í ṣe pé àwọn àlejò náà purọ́. Ọ̀pọ̀ nínú iṣẹ́ wọn dára. Ṣùgbọ́n ohun tí ó bá ya àlejò lẹ́nu ni ẹ̀rọ rẹ̀ máa ń kọjú sí. Fẹlá tí yóò fi ẹnu ara rẹ̀ ròyìn ara rẹ̀, nínú fíìmù tirẹ̀, ni iná gbé ohùn rẹ̀ lọ.

Ìtọ́jú: ohun tí ìjọba ń ṣe àti ohun tí ilé-ẹ̀kọ́ lè ṣe

Ìjọba àpapọ̀ dá àjọ fíìmù Nàìjíríà sílẹ̀ ní ọdún 1979, àjọ náà sì dá àká fíìmù, fídíò àti ohùn ti orílẹ̀-èdè sílẹ̀ ní ìlú Jos ní ọdún 1992. Àpẹẹrẹ kan fi hàn pé àká náà wúlò. Fíìmù Shehu Umar tí Adamu Halilu ṣe ní ọdún 1976, láti inú ìwé tí Abubakar Tafawa Balewa kọ, ti di ohun tí àwọn ènìyàn rò pé ó ti sọnù. Wọ́n rí i nínú agolo ní Jos. Ilé-iṣẹ́ Arsenal ní Berlin tún un ṣe, wọ́n sì fi í hàn níbi àjọ̀dún fíìmù ìlú náà ní ọdún 2018. Ní Èkó, Didi Cheeka àti ẹgbẹ́ Lagos Film Society ti ṣe wàhálà lórí àwọn agolo fíìmù tí ó ń jẹrà nínú ilé àtijọ́ ẹ̀ka fíìmù ìjọba amúnisìn ní Ìkòyí. Yunifásítì Jos náà ti bẹ̀rẹ̀ ẹ̀kọ́ ìmọ̀ ìtọ́jú fíìmù fún oyè ìjìnlẹ̀ kejì, pẹ̀lú ìrànlọ́wọ́ Yunifásítì Goethe ti ìlú Frankfurt.

Ṣùgbọ́n Jos jìnnà sí Muṣin. Kásẹ́ẹ̀tì ìgbéyàwó, òkú àgbà, ìwúyè àti eré àwọn ọmọ ilé-ìwé tí ó wà lábẹ́ ibùsùn ní Sùúrùlérè kò ní dé Jos láéláé. Àwọn wọ̀nyí ni olùkọ́ lè gbà là, kò sì gba owó púpọ̀. Ohun àkọ́kọ́ ni kí a já eyín kékeré tí ó wà lẹ́yìn kásẹ́ẹ̀tì VHS, kí ẹnikẹ́ni má baà ṣèèṣì gba nǹkan mìíràn lé e. Kí a ká a padà dé ìbẹ̀rẹ̀, kí a gbé e nàró bí ìwé, kí a má ṣe tẹ́ ẹ sílẹ̀. Kí ó jìnnà sí gbohùngbohùn ńlá, nítorí òòfà tí ó wà lẹ́yìn rẹ̀. Èyí tí ó bá bu, kí a yà á sọ́tọ̀, kí a má sì fi sínú ẹ̀rọ kí a tó nù ún, nítorí èbu yóò ti ara ẹ̀rọ wọ inú gbogbo kásẹ́ẹ̀tì yòókù. Bí ó bá jẹ́ agolo fíìmù tí ó ń rùn kíkan, ọ̀dọ̀ àwọn onímọ̀ ni kí a gbé e lọ.

Gbígbé e sínú kọ̀ǹpútà ni ó kàn. Wákàtí kan nínú irú fídíò díjítà tí a ń pè ní DV ń gba nǹkan bí gígábáìtì 13, èyí kò sì pọ̀ mọ́ lóde òní. Kí ẹ̀dà tó mẹ́ta, kí ọ̀kan nínú wọn wà ní ilé mìíràn, nítorí iná àti omíyalé kì í fi ìwé ránṣẹ́. Àṣìṣe méjì ni ó wọ́pọ̀ jù níbí. Àwọn kan ń ju kásẹ́ẹ̀tì nù bí wọ́n bá ti gbé e sínú kọ̀ǹpútà tán, bẹ́ẹ̀ ẹ̀rọ tí ó dára jù lè dé lọ́la tí yóò ka ohun tí ti òní kò lè kà. Àwọn mìíràn gbé e sórí YouTube, wọ́n sì pa èyí tí ó wà lọ́wọ́ wọn rẹ́. Ojúde ni YouTube, kì í ṣe àká. Onílé lè ti ìlẹ̀kùn rẹ̀ nígbàkígbà, àwòrán tí ó sì ń fi hàn kò péye tó èyí tí a fún un.

Òfin ẹ̀tọ́ òǹṣẹ̀dá ti ọdún 2022 fi ààyè sílẹ̀ fún ilé-ìkàwé àti àká láti ṣe ẹ̀dà fún ìtọ́jú. Ààyè yẹn kò sọ ọ́ di ohun títà.

Ṣíṣàfihàn

Ibí ni iṣẹ́ olùkọ́ ti le jù. Kí a bẹ̀rẹ̀ láti orí ohun tí ó dà bí ẹni pé kò tó nǹkan. Ojú amóhùnmáwòrán àtijọ́ kò fẹ̀ tó ti òde òní. Bí gígùn rẹ̀ bá jẹ́ mẹ́rin, gíga rẹ̀ jẹ́ mẹ́ta. Nígbà tí a bá fà á kí ó lè kún ojú ẹ̀rọ tuntun, gbogbo ènìyàn inú rẹ̀ a sanra, a kúrú. Bẹ́ẹ̀ náà ni fíìmù aláìlóhùn tí wọ́n yà pẹ̀lú ìwọ̀n àwòrán 16 tàbí 18 ní ìṣẹ́jú àáyá kan: bí a bá fi ìwọ̀n 24 tàbí 25 òde òní gbé e jáde, àwọn ènìyàn á máa sá pìtìpìtì bí adìyẹ. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ a rẹ́rìn-ín, wọ́n á sì rò pé àwọn baba wọn ni ó rí bẹ́ẹ̀. Ẹ̀rọ ni wọ́n ń fi ṣẹ̀sín, wọn kò mọ̀.

Èyí tí ó tẹ̀ lé e ni ohùn ẹni tí ó ya fọ́nrán. Bí olùkọ́ bá fẹ́ fi fíìmù Sellers hàn ní kíláàsì, kò gbọ́dọ̀ fi hàn bí ẹni pé Èkó ọdún 1937 nìyẹn. Fíìmù ìjọba ni. Ó fẹ́ kí òǹwòran gbà pé ìjọba ń ṣe dáadáa. Sellers àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ sì gbà pé aláwọ̀ dúdú kò lè tètè lóye àwòrán tí ó bá ń yí kíákíá, ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ń ṣe fíìmù wọn wọ́ọ́rọ́wọ́ bí ẹni ń bá ọmọdé sọ̀rọ̀. Ẹ̀tanú yìí wà nínú bí a ṣe gé fíìmù náà, kì í ṣe nínú ọ̀rọ̀ rẹ̀ nìkan. Ìbéèrè tí ó dára láti bi akẹ́kọ̀ọ́ ni: ta ni ẹ̀rọ náà kò kọjú sí? Ẹni tí wọ́n wó ilé rẹ̀ ńkọ́?

Fọ́nrán kan wà tí ó yẹ kí olùkọ́ ronú lẹ́ẹ̀mejì kí ó tó fi hàn. Ní ọjọ́ 12, oṣù Kẹjọ, ọdún 1989, Samuel Okwaraji ṣubú lulẹ̀ ní pápá ìṣeré Sùúrùlérè nígbà tí Nàìjíríà ń bá Angola gbá bọ́ọ̀lù, ó sì kú. Ẹ̀rọ agbàwòrán wà níbẹ̀. Ó jẹ́ apá kan nínú ìtàn orílẹ̀-èdè, kò sì yẹ kí a pa á mọ́. Síbẹ̀, ìyàtọ̀ wà láàrin fífi í hàn lẹ́ẹ̀kan pẹ̀lú àlàyé nípa ayé ẹni tí ó kú, àti fífi í ṣe ohun ìpàfiyèsí tí a ń yí lọ yí bọ̀. Ẹni tí ó kú ní ẹbí, àṣà Yorùbá kì í sì í fi òkú ṣe ìran. Bákan náà ni ti fọ́nrán orò àti àwọn ẹbọ tí àlejò yà láìgba àṣẹ. Níní i lọ́wọ́ kò fún ni ní àṣẹ láti fi í han tọkùnrin tobìnrin ní kíláàsì. Kí a bi àwọn tí ó ni àṣà náà ní ìlú tí a ti yà á.

Àwọn kan fẹ́ràn láti kun fọ́nrán dúdú àti funfun, tàbí kí wọ́n fi orin tuntun sábẹ́ rẹ̀. Bí ó bá di dandan, kí wọ́n kọ ọ́ síbẹ̀ gàdàgbà, kí ẹ̀dà tí a kò fọwọ́ kàn sì wà nílẹ̀.

Ọ̀nà kan wà tí ṣíṣàfihàn fi ń di ìtọ́jú. Ọ̀pọ̀ fọ́nrán ni kò ní orúkọ ẹnikẹ́ni lára. Bí akẹ́kọ̀ọ́ olùkọ́ láti Àkọkà tàbí Yábàá bá gbé irú rẹ̀ lọ sí ilé àwọn àgbà àdúgbò tàbí ilé ìjọsìn wọn, tí ó kọ́kọ́ pa ohùn rẹ̀, tí ó fi àwòrán hàn díẹ̀díẹ̀, ẹnu àwọn àgbà yóò là fúnra rẹ̀. Ẹni kan á dárúkọ òpópónà, ẹlòmíràn á ní ilé yẹn kọ́, èyí tí ó kọjú sí i ni. Wọ́n á dá aṣọ ẹgbẹ́ mọ̀, wọ́n á ki onílù kan tí ó ti kú. Akẹ́kọ̀ọ́ kò ní í bá wọn jiyàn. Kí ó kọ èrò méjèèjì sílẹ̀ pẹ̀lú orúkọ ẹni tí ó sọ ọ́. Ìwé tí yóò kọ kò ju ojú ewé kan lọ: irú téèpù, ibi tí ó ti wá, ẹni tí ó ni ín, ọjọ́ tí a gbé e sínú kọ̀ǹpútà, èdè àti ẹ̀ka-èdè tí wọ́n ń sọ nínú rẹ̀, lẹ́yìn náà, ìṣẹ́jú dé ìṣẹ́jú, ohun tí ó hàn àti àwọn tí a dá mọ̀. Ẹni tí ó jẹ́ ọmọ 20 ọdún nígbà tí wọ́n ṣí FESTAC ní Sùúrùlérè ti ń lọ sí 70 ọdún. Ọ̀dọ̀ irú wọn ni kí a ti bẹ̀rẹ̀, kí a sì mú báìrò dání.